Ọwọ́ Tó Kọ Ọ́ Kì í Mu Ún

Yàrá tí mo ti lo ìgbà èwe mi kò ní fèrèsé. Aṣọ ìkélé kan ló là á sí méjì: bàbá mi á jókòó níwájú pẹ̀lú àwọn tó wá gba àdúà, èmi á jókòó lẹ́yìn pẹ̀lú kálámù àti tàdáwà, omi dúdú tí a fi ń kọ̀wé. Iṣẹ́ hàǹtú kíkọ ni iṣẹ́ ilé wa l'Ọ́tà. A ó kọ àdúà sára wàláà, ìyẹn pátákó kéwú, a ó fi omi fọ̀ ọ́ sínú abọ́, ẹni tó ni àdúà á sì gbé omi dúdú náà mu. Bàbá bàbá mi ṣe é, bàbá mi náà ṣe é, títí ọwọ́ rẹ̀ fi bẹ̀rẹ̀ sí í gbọ̀n tí kò lè gbé ife dé ẹnu láìdanù mọ́.

Òun ló kọ́ mi ní kéwú. Ìyá mi ti kú, n kò sì ní ẹ̀gbọ́n ọkùnrin, nítorí náà nígbà tí ọwọ́ kọ̀ ọ́, ó fi mí sẹ́yìn ìkélé. Ta ni yóò mọ̀ pé ọmọbìnrin ló kọ hàǹtú òun, tí yóò sì mu ún? Bàbá mi á máa wúre níwájú, á na ọwọ́ sẹ́yìn gba wàláà lọ́wọ́ mi, wọ́n á sì máa yìn ín pé ìkọ̀wé rẹ̀ dán bí ti ọ̀dọ́. Wọ́n rí i pé ọwọ́ náà ń gbọ̀n. Wọ́n ní ìbẹ̀rù Ọlọ́run ni. Inú máa ń bí mi, mo sì máa ń gbé e mì.

Nígbà tí Sáàpù dé, ètò ìjọba tó sọ ọjà di ọ̀wọ́n, iṣẹ́ wa gbèrú. Àwọn ilé iṣẹ́ tó wà ní Ṣàngó, ìtòsí wa, ń lé èèyàn, àwọn tí wọn kò tíì lé sì ń sáré wá sọ́dọ̀ wa kó má baà kàn wọ́n. Àwọn ará Ọ̀yọ́ àti Ọ̀ṣun tó fi oko sílẹ̀ wá ṣiṣẹ́ ẹ̀rọ, ìyá tí ọmọ rẹ̀ ń rọ irin, ọkọ tí ìyàwó rẹ̀ ń hun aṣọ, gbogbo wọn á bọ́ bàtà sẹ́nu ọ̀nà wa. Ohun tí mo kọ wọ géètì gbogbo ilé iṣẹ́ tó wà níbẹ̀ nínú ikùn àwọn ẹlòmíràn. Èmi fúnra mi kò wọ ọ̀kan.

Obìnrin kan ní ojúlé kejì ń di bisikíìtì ní ilé iṣẹ́ kan. Òun nìkan ló mọ àṣírí wa, torí ó bá mi lójijì pẹ̀lú tàdáwà lọ́wọ́ nígbà tó wá yá odó. Ó bá mi lẹ́bàá kànga lọ́jọ́ kan.

"Wọ́n máa gba àwọn ọmọbìnrin díẹ̀ síṣẹ́ lọ́jọ́ Mọ́ńdè," ó ní. "Mo ti bá ọ̀gá wa sọ̀rọ̀ ẹ. Ṣáà ti tètè dé géètì. Àbí ẹ̀yìn ìkélé yẹn lo fẹ́ gbó sí ni?"

Lẹ́yìn ìrun Alásárì, mo sọ fún bàbá mi.

"Kò burú, Ìyá mi," ó ní. Bẹ́ẹ̀ ló ń pè mí, nítorí wọ́n ní mo jọ ìyá rẹ̀. "Ẹni tó ń lọ síbi iṣẹ́ gbọ́dọ̀ mu hàǹtú kó tó jáde."

"Ta ló máa kọ ọ́, Bàbá?"

Òfin kan wà nílé wa tí kì í yẹ̀: ọwọ́ tó kọ hàǹtú kì í mu ún. Èmi tí mo kọ fún gbogbo Ṣàngó, n kò lè kọ fún ara mi.

"Èmi ni," ó ní.

Ní òwúrọ̀ Mọ́ńdè, ó ṣe àlùwàlá, ó sì wọ ẹ̀yìn ìkélé lọ. Èmi jókòó síbi tí àwọn oníbàárà máa ń jókòó sí. Mo yọjú wò ó. Ó fi ọwọ́ òsì di ọrùn ọwọ́ ọ̀tún mú, ó ń kọ ọ́ lẹ́yọ lẹ́yọ, tàdáwà ń kán sí àyà jálàmíà funfun rẹ̀. Omijé bọ́ lójú mi. Mo ní nínú ara mi pé, bàbá mi mà fẹ́ràn mi o.

Ó gbé wàláà náà fún mi pé kí n fi omi fọ̀ ọ́, nítorí kò lè da omi. Ibẹ̀ ni mo ti kà á. Ó rí wọ́gọwọ̀gọ, ṣùgbọ́n mo mọ̀ ọ́n. Kì í ṣe àdúà kí ọ̀nà là. Èyí tí a máa ń kọ fún ọmọ tó fẹ́ sá nílé ni, kí ẹsẹ̀ rẹ̀ má baà kúrò. Àìmọye òbí ni mo ti kọ ọ́ fún.

Mo gbójú sókè. Kò wò mí.

"Mu ún, Ìyá mi," ó ní. "Ilẹ̀ ti ń mọ́."

A kì í da hàǹtú sílẹ̀ kí ẹsẹ̀ máa tẹ̀ ẹ́. Mo fẹ́ sọ pé, Bàbá, mo ti kà á, àmọ́ mo rí tàdáwà tó wà láyà rẹ̀, ẹnu mi kò gbà á. Mo fọ̀ ọ́ sínú abọ́, mo sì mu ún. Ó korò. Àṣé ohun tí mo ń fún àwọn èèyàn mu látọjọ́ yìí nìyẹn.

Mo wọ bàtà, mo sì lọ. Mo dé Ṣàngó, mo dé géètì. Aládùúgbò wa dúró nínú, ó ń juwọ́ sí mi, àwọn ọmọbìnrin sì ń wọlé lọ́kọ̀ọ̀kan. Ẹsẹ̀ mi le, hàǹtú náà kò ṣe é ní nǹkan kan. Ṣùgbọ́n mo ń ro àwọn tí yóò ti bọ́ bàtà sẹ́nu ọ̀nà wa láàárọ̀ yẹn, àti bàbá mi tí yóò na ọwọ́ sẹ́yìn ìkélé tí kò ní rí nǹkan gbà. Inú ń bí mi sí bàbá mi, ó sì ń bí mi sí ara mi jù bẹ́ẹ̀ lọ. Mo dúró síbẹ̀ títí wọ́n fi ti géètì.

Nígbà tí mo padà délé, bàtà ti kún ẹnu ọ̀nà. Mo gba ẹ̀yìnkùlé wọlé. Mo gbọ́ ohùn bàbá mi níwájú, ó ń sọ fún ẹnì kan pé kó ṣe sùúrù díẹ̀. Lẹ́yìn ìkélé, ó ti tẹ́ ẹní mi, ó ti fọ wàláà mi. Tàdáwà ti ta sára ògiri, ó ta sílẹ̀. Ó ti fi ọwọ́ tó ń gbọ̀n yẹn po tàdáwà tuntun dè mí.