Ọjọ́ Tí Wọ́n Fi Ìkúnlẹ̀ Mi Ṣẹjọ́ n'Íkẹjà

Kí wọ́n tó pe ìrun àsùbáà n'Ígàndò, mo ti wẹ̀, mo ti wé gèlè, mo tú u, mo tún un wé. Ràfíátù ọmọ mi ló ṣílẹ̀kùn fún mi. Ọ̀gá kan ní ọ́fíìsì ètò ẹ̀kọ́ ló lé e kúrò nílé ìwé. Wọ́n ní àwọn rí ìwé ìdáhùn lábẹ́ tábìlì rẹ̀ nínú ìdánwò. Ọmọ ní òun kọ́ ló ni ín, ọ̀gá náà ò sì pè é kó bi í. Ìdánwò àṣejáde wá kù sí dẹ̀dẹ̀. Òní ni kóòtù Ìkẹjà máa sọ bóyá ọ̀gá ṣe é bó ṣe yẹ.

Bọ́ọ̀sì kékeré, kòròpé, gba ẹ̀ẹ́dẹ́gbẹ̀ta náírà lọ́wọ́ mi dé Ẹ̀gbẹ́dá, òjò ò sì rọ̀! Mo wọ òmíràn tó gba Akówọnjọ. Mo yí síbí, mo yí sọ́hùn-ún.

"Ìyá, ẹ jókòó jẹ́ẹ́ jàre," awakọ̀ ní.

"Kóòtù ni mò ń lọ."

"Hà! Ọlọ́run á ṣe é ní rere. Ẹ ṣáà bẹ̀ wọ́n."

Mo pòṣé. Ẹ̀bẹ̀ yẹn gan-an ló kó bá wa. Nígbà tí wọ́n lé ọmọ, mo ṣe ohun tí abiyamọ Ògbómọ̀ṣọ́ máa ń ṣe: mo kúnlẹ̀ fún ọ̀gá náà, mo ní, "Ẹ ṣàánú wa, ọmọdé ni." Nílé wa, ẹni tó jàre náà máa ń bẹ̀bẹ̀ kí ọ̀rọ̀ lè rọlẹ̀. Ṣé mo mọ̀ pé wọ́n máa ní mo ti jẹ́wọ́ ni?

Ní kóòtù, ẹni tó bá fẹ́ sọ̀rọ̀, ó dìde dúró ni. "Mílọ́ọ̀dù" ni wọ́n ń pe adájọ́, obìnrin bíi tèmi sì ni. Lọ́yà ìjọba ní, "Mílọ́ọ̀dù, ìyá rẹ̀ kúnlẹ̀. Bí ọmọ ò bá jẹ̀bi, kí ló ń bẹ̀ fún?"

Mo fẹ́ dìde. Lọ́yà wa, ọmọbìnrin Èkìtì kan, tètè di aṣọ mi mú: "Màmá, ẹ jọ̀ọ́."

Òyìnbó ni wọ́n ti ń sọ bọ̀, àfi bí adájọ́ ṣe bọ́ awò ojú tó sọ Yorùbá: "Ṣé ẹ ò rí ẹni tó jàre tó ń bẹ̀bẹ̀ rí ni? Ìyá ló kúnlẹ̀. Ọmọ ńkọ́? Ta ló bi í?"

Ó fagi lé ìlélọ náà. Mo ti ń yin Ọlọ́run kí lọ́yà wa tó là á yé mi níta: kóòtù ò sọ pé ọmọ ò ṣe é. Wọ́n ní kí ọ́fíìsì pè é, kí wọ́n gbọ́ tẹnu rẹ̀ kí wọ́n tó dájọ́.

"Ṣé kò tíì parí ni?"

"Tibí parí, Màmá. Tọ̀hún ló ṣẹ̀ṣẹ̀ máa bẹ̀rẹ̀."

Ìrọ̀lẹ́ ni mo délé. Ràfíátù ti ń dúró lẹ́nu géètì, mo sì rò ó fún un.

"Wọ́n máa bi mí? Èmi fúnra mi?"

"Ìwọ fúnra rẹ."

Ó mí kanlẹ̀. "Mọ́mì, ṣé ẹ máa bá mi lọ?"

"Ta ni ìbá tún bá ọ lọ?"

Ó di ọwọ́ mi mú. "Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má kúnlẹ̀ o. Ẹ bá mi dúró."

Mo ní mo gbọ́. Láti ìgbà náà ni mo ti ń bá orúnkún mi sọ̀rọ̀.