Ewé Eéran Inú Àkùrọ̀ Yèyé Mi

Ewé ni yèyé mi ń tà. Ewé eéran, èyí tí wọ́n fi ń pọ́n ẹ̀kọ àti mọ́ínmọ́ín. Tó o bá fẹ́ kọ nǹkan kan nípa mi, ibẹ̀ ni kó o ti bẹ̀rẹ̀, torí èmi ni mo pa ewé náà. Mi ò tíì sọ ọ́ fún ẹnikẹ́ni nínú yín. Ìyá rẹ gan-an ò mọ̀.

Oko bàbá mi wà lẹ́yìn Ìwárajà. Kòkó ló wà lókè, lórí ilẹ̀ gbígbẹ. Tó o bá sọ̀ kalẹ̀ síhà odò, ilẹ̀ á bẹ̀rẹ̀ sí í rọ̀ lábẹ́ ẹsẹ̀ rẹ, wàá dé àkùrọ̀, wàá bá àwọn igi ńláńlá, arère, afárá, àti àràbà kan. Abẹ́ àwọn igi yẹn tutù. Ní ọ̀sán gangan, wàá rò pé ilẹ̀ ṣẹ̀ṣẹ̀ ń mọ́ ni. Ibẹ̀ ni yèyé mi gbin ewé sí nígbà tó ṣẹ̀ṣẹ̀ wọlé ọkọ. Ìyàwó kejì ni. Kò sẹ́ni tó fún un níbòmíì.

Àwọn ènìyàn rò pé ewé eéran kàn ń hù ni. Ó ń hù lóòótọ́, ọ̀kan níbí, méjì lọ́hùn-ún. Èyí tó máa tó tà, wọ́n gbìn ín ni. Gbòǹgbò rẹ̀ máa ń rá lábẹ́ ilẹ̀ bí okùn. Yèyé mi á gé gbòǹgbò náà ní ìwọ̀n àtẹ́lẹwọ́, èyí tó ní ojú, á tẹ̀ ẹ́ sínú ilẹ̀ tútù, á fi ewé jíjẹrà bò ó. Lọ́dún àkọ́kọ́, kò ní fọwọ́ kàn án. Lọ́dún kejì, á mú díẹ̀. Ewé kan ló máa ń wà lórí ọ̀pá kan, ọ̀pá náà á ga dé àyà, ewé á tẹ́ sórí rẹ̀ bí àwo. Èyí tó ṣì ká bí ẹní, kò ní gé e. Èyí tó ti gbó jù, á fi sílẹ̀ kó máa bo ìdí. Ó máa ń sọ fún mi pé: "Ọ̀bẹ ò lè pa á. Òjò ò lè pa á. Oòrùn ni ò gbọdọ̀ rí i." Mo gbọ́. Mi ò gbọ́ dáadáa.

Kò sí nǹkan tí à ń dànù lára rẹ̀. A máa ń la ọ̀pá rẹ̀, a fi ń hun ẹní, a fi ń di ẹrù. Ewé tó bá ya, àwọn olóbì á gbà á, wọ́n á fi bo obì nínú agbọ̀n kó má bàa gbẹ. Ó ní èso pupa kan tó máa ń wà nísàlẹ̀ pátápátá, lẹ́bàá ilẹ̀. Tí a bá lá ohun tó wà nínú rẹ̀ láàárọ̀, tí a wá mu ògì tó kan, ògì náà á dùn bí ẹni pé wọ́n da oyin sí i. Ṣúgà àwa ọmọ eléwé nìyẹn.

Òṣogbo ló ń tà á sí. Oníbàárà rẹ̀ jẹ́ ìyá ẹlẹ́kọ kan, Mùsùlùmí, nínú àwọn agboolé àtijọ́. Mo bá a lọ níbẹ̀ lẹ́ẹ̀mélòó kan, mo ru ìdì ewé. Tí ìyá ẹlẹ́kọ yẹn bá ti rí wa lókèèrè báyìí, á pariwo: "Òṣómàáló! O tún ti wá lóṣòó sẹ́nu ọ̀nà mi?"

Yèyé mi á sọ ẹrù rẹ̀ kalẹ̀. "Mi ò lóṣòó o. Àwọn aláṣọ tó ń sin gbèsè ló ń lóṣòó. Èmi, tí o ò bá rà á, mo ń gbé ewé mi lọ ulé."

"Ulé! Ẹ gbọ́ o! Ìjẹ̀ṣà ò ní ilé, ulé ni wọ́n ní!"

"Ulé mi ò jò ṣá. Tìrẹ ńkọ́?"

Wọ́n á rẹ́rìn-ín títí. Nínú ààwẹ̀, ìyá ẹlẹ́kọ yẹn kì í lè dá iṣẹ́ ṣe, nítorí sàárì. Yèyé mi á gbé ewé púpọ̀ lọ, á dúró tì í ní bí ọjọ́ mẹ́jọ, wọ́n á jọ máa pọ́n ẹ̀kọ. Mi ò rí i kó rẹ́rìn-ín bẹ́ẹ̀ nílé ọkọ rẹ̀ rí.

Bàbá mi kú ní nǹkan bí ọdún méjì lẹ́yìn tí òyìnbó gbé ìjọba sílẹ̀. Nígbà tí wọ́n fẹ́ pín oko, orí òjorí, iye ọmọ, ni wọ́n fi pín in, wọn ò fi ìdí igi, iye ìyàwó, pín in. Ọmọ márùn-ún ni ìyálé bí. Èmi nìkan ni yèyé mi bí. Ìwọ náà rí bí ìyẹn ṣe máa rí. Apá kan nínú mẹ́fà ló kàn mí, àwọn kòkó tó sì ti darúgbó ni. Mo gbé e mì. Kò sẹ́ni tó dárúkọ àkùrọ̀ lọ́jọ́ yẹn.

Ó tó ọdún kan kí ẹ̀gbọ́n mi, àkọ́bí ìyálé, tó ránṣẹ́ pé òun fẹ́ ṣán ibẹ̀, òun fẹ́ fa kòkó òun sọ̀ kalẹ̀ dé odò. Yèyé mi gbé ọ̀rọ̀ náà lọ bá ẹbí. Wọ́n jókòó sí ọ̀dẹ̀dẹ̀ bàbá olórí ẹbí.

Ẹ̀gbọ́n mi ní: "Igbó ni. Bàbá ò ṣán an títí wọ́n fi kú. Ẹni tó bá lágbára ló ń ṣán igbó."

Yèyé mi ní: "Ewé mi wà níbẹ̀. Ọwọ́ mi yìí ni mo fi gbìn ín."

"Ìyá, ẹ má bínú o," ẹ̀gbọ́n mi ní. "Tó bá jẹ́ ewé là ń wò, ewúrẹ́ ló ni gbogbo oko wa nìyẹn."

Wọ́n rẹ́rìn-ín. Bàbá olórí ẹbí pàápàá rẹ́rìn-ín, kó tó wá gbé ojú ró. Ó ní: "Igi ni ẹlẹ́rìí ilẹ̀. Ewé kì í jẹ́rìí. Tí òjò àkọ́rọ̀ bá dá, a ó lọ síbẹ̀. Ẹni tí a bá bá igi tó gbìn níbẹ̀, òun la ó fún."

Nígbà tí a ń bọ̀ nílé, yèyé mi ní: "Ó rọrùn. Gbin obì sí etí ibẹ̀ lókè, níbi tó ti pààlà pẹ̀lú kòkó wọn. Mẹ́wàá ti tó. Wọ́n á rí i. Má fọwọ́ kan àwọn igi ńlá o."

Mo ní: "Mo ti gbọ́, yèyé."

Ọkàn mi ni kí n ṣe bó ṣe wí. Ìgbà tó yá, mo pàdé ẹ̀gbọ́n mi nídìí ẹmu ní Ìwárajà. Ó wà láàárín àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀. Ó ní: "Ọmọ eléwé, ṣé o ti gbin ẹ̀fọ́ yín? Ẹ bi í kí ẹ gbọ́, ẹ̀fọ́ ló fẹ́ fi gba ilẹ̀ lọ́wọ́ mi." Wọ́n ń fọwọ́ lu itan, wọ́n ń rẹ́rìn-ín. Ẹni ọdún mẹ́rìndínlọ́gbọ̀n ni mí nígbà yẹn. Mo mu ẹmu mi tán, mo lọ.

Ẹ̀ẹ̀rùn ni. Ààwẹ̀ ti wọlé. Yèyé mi kó ewé, ó wọ mọ́tò lọ sí Òṣogbo. Lọ́jọ́ kejì, mo lọ bá àwọn mẹ́rin tí a jọ ń ṣe àárò. Ó kàn mí kí wọ́n wá bá mi ṣiṣẹ́. Mo mú wọn sọ̀ kalẹ̀ lọ sí àkùrọ̀.

Ọ̀kan nínú wọn gbé àáké rẹ̀ sílẹ̀. Ó ní: "Ewé yèyé rẹ ńkọ́?"

Mo ní: "Ọdọọdún ni wọ́n ń gé e, ọdọọdún ló ń hù. Á tún hù."

"Èyí yàtọ̀ sí gígé o."

"Ṣé o fẹ́ ṣiṣẹ́ ni àbí o fẹ́ rojọ́?"

Ó gbé àáké rẹ̀. A wó arère, a wó afárá. A dáná sí ìdí àràbà, ó jó fún ọjọ́ mẹ́ta kó tó wó, nígbà tó sì wó, ó tẹ ìdajì ewé náà mọ́lẹ̀. Bó ṣe wó, oòrùn wọlé. Mi ò rí oòrùn nílẹ̀ ibẹ̀ rí láti ìgbà tí wọ́n ti bí mi. Mo dúró wò ó. Inú mi dùn. Jẹ́ kí n sọ òótọ́, inú mi dùn. Mo ń ro bí ojú ẹ̀gbọ́n mi ṣe máa rí.

Yèyé mi dé lọ́jọ́ kẹsàn-án. Kò yà sílé, oko ló gbà lọ tààrà pẹ̀lú agbọ̀n rẹ̀, torí ìyá ẹlẹ́kọ ti ní kó tún gbé ewé wá kí ààwẹ̀ tó tán. Mò ń kó ẹ̀ka jọ nígbà tó dé. Ó dúró síbi tí òjìji máa ń ti bẹ̀rẹ̀ tẹ́lẹ̀.

Ó ní: "Ta ló ṣe é?"

Mo ní: "Èmi ni, yèyé. Wọn ò lè gbà á mọ́."

Ó ní: "Wọn ò lè gba kí ni?"

Kò bú mi. Ó sọ agbọ̀n kalẹ̀, ó lọ gé imọ̀ ọ̀pẹ, ó ń rì í mọ́lẹ̀, ó ń tẹ̀ ẹ́ bo ewé tó ṣẹ́ kù. Mo fẹ́ bá a rì í. Ó gba imọ̀ náà lọ́wọ́ mi, kò wò mí lójú. Ọ̀sẹ̀ méjì ló fi pọnmi láti odò, ó ń wọ́n ọn. Ọyẹ́ wá bẹ̀rẹ̀ sí í fẹ́. Imọ̀ gbẹ, ó ń jábọ́. Ewé pọ́n létí, ó ká jọ, ó gbẹ láti ẹnu dé ìdí. Mo fi ọkọ́ wa ilẹ̀ wò. Gbòǹgbò náà ti di bí okùn tí wọ́n sá sórí òrùlé. Nígbà tí òjò dé, koríko ẹ̀kan ló hù níbẹ̀.

Mo gbin ọ̀gẹ̀dẹ̀, mo gbin kòkó sábẹ́ rẹ̀. Òjò àkọ́rọ̀ dá, àwọn àgbà ẹbí wá. Wọ́n rìn yí i ká, wọ́n ní èmi ni mo ni ín. Ẹ̀gbọ́n mi bọ̀ mí lọ́wọ́, ó ní: "O ṣe bí ọkùnrin. Mi ò mọ̀ pé o lè ṣe é." Mi ò tíì mọ̀ títí dòní bóyá ó ń yìn mí ni.

Ní gbogbo ọdún yẹn, yèyé mi ń ra ewé lọ́wọ́ àwọn obìnrin Ìwárajà, kó má bàa pàdánù oníbàárà rẹ̀. Èyí tí kò dára ni wọ́n ń tà fún un. Òun tó ti ń ta èyí tó dára fún ohun tó lé ní ogún ọdún. Wọ́n á ní: "Eléwé ti wá rawé o." Ó fara dà á. Nígbà tó ṣe, ó di ẹrù rẹ̀. Ó ní òun ń lọ bá ìyá ẹlẹ́kọ gbé, pé ó nílò ọwọ́ tí yóò máa bá a pọ́n ẹ̀kọ.

Mo ní: "Yèyé, ẹ dúró. Kòkó máa so."

Ó ní: "Tó bá so, kí o jẹ ẹ́."

Ó lọ. Ogun jà, ogun tán. Mo fẹ́ ìyá ìyá rẹ. Yèyé mi wá síbi ìsọmọlórúkọ, ó gbé ọmọ, ó padà sí Òṣogbo lọ́jọ́ kejì. Nígbà tí a ti ń ná náírà, àwọn kan ń wá kiri oko, wọ́n ń ra èso eéran. Wọ́n ní àwọn òyìnbó fẹ́ fi ṣe ohun tó dùn ju ṣúgà lọ. Àwọn obìnrin tó ń ta ewé burúkú fún yèyé mi kó èso náà jọ ní agbọ̀n-agbọ̀n. Wọ́n dé ọ̀dọ̀ mi náà. Mo ní mi ò ní in.

Kòkó mi ti dàgbà nígbà yẹn. Abẹ́ rẹ̀ ti ṣú díẹ̀. Mo lọ bẹ obìnrin kan ní Ọ̀tan-Ilé, ó fún mi ní gbòǹgbò eéran. Mo gé e ní ìwọ̀n àtẹ́lẹwọ́, mo tẹ̀ ẹ́ sílẹ̀. Lọ́dún àkọ́kọ́, mi ò fọwọ́ kàn án. Lọ́dún kejì, mo gé ìdì mẹ́rin, mo gbé e lọ sí Òṣogbo. Mi ò sọ fún ẹnikẹ́ni nílé ibi tí mò ń lọ.

Ìyá ẹlẹ́kọ ló kọ́kọ́ rí mi. Ó pariwo: "Ìyá Eléwé, ọmọ rẹ dé o! Ó ru ewé!"

Yèyé mi wà nídìí ìkòkò. Ó ní: "Mo rí i."

Ó nu ọwọ́, ó tú ìdì kan, ó na ewé kan síwájú oòrùn. Ó fi àtàǹpàkò tẹ̀ ẹ́. Ó ní: "Ó kéré. Abẹ́ kòkó ni."

"Abẹ́ kòkó ni, yèyé."

"Èló ni ìdì kan?"

Mo rò pé ó ń bá mi ṣeré. Mo ní: "Yèyé, ẹ̀yin ni mo gé e wá fún."

"Mo ní èló ni? Iṣẹ́ là ń ṣe níbí. Sọ iye rẹ̀, tàbí kí o gbé e lọ sọ́jà."

Ìyá ẹlẹ́kọ ní: "Ha! Ọmọ rẹ?" Mo dárúkọ iye kan. Ó gé e sí ìdajì. Mo yọ díẹ̀ kúrò, ó fi díẹ̀ lé e, a pàdé láàárín. Ó tú etí aṣọ rẹ̀, ó ka owó sí mi lọ́wọ́. Mo gbà á. Tí mi ò bá gbà á, kò ní gba ewé.

Ọdún mẹ́ta ni mo fi ta ewé fún un, títí tó fi kú. Gbogbo ìgbà tí mo bá dé, á na ewé náà wò, á ní ó kéré, a ó ná an, á sanwó. Kò tún mẹ́nu ba igi wọ̀nyẹn. Èmi náà ò sì bẹ̀ ẹ́.