Ewé Kan Tó Ń Mì ní Anyama

Bí mo bá rí ewé tó ń mì níbi tí atẹ́gùn ò ti fẹ́, mo máa ń dúró wò ó. Anyama, ìlú olóbì ní Ivory Coast, ni mo ti kọ́ ọ.

Obì gbànja ni ìyá mi ń tà níbẹ̀ nígbà tí mo wà ní kékeré. Ewé tútù la fi ń tẹ́ inú apẹ̀rẹ̀ kí obì má baà gbẹ. Lọ́jọ́ kan, ìyá mi sáré já ewé lẹ́yìn ilé, ó kó o sínú apẹ̀rẹ̀ láì gbọn ọ́n, nítorí oníbàárà kan ń bọ̀ wá gbé obì ìdána ọmọ rẹ̀. Màmá kan tó jẹ́ ẹ̀yà Dyula ni oníbàárà náà. Òun ló kọ́kọ́ ra obì lọ́wọ́ ìyá mi nígbà tí ìyá mi ṣẹ̀ṣẹ̀ ti Ṣakí dé, tí kò tíì gbọ́ èdè ẹnikẹ́ni níbẹ̀.

Màmá náà dé, ó ṣí ewé. Ewé kan lajú.

"Non, non, non, ma fille, ọmọ mi! Agẹmọ!" Ó ti dé ẹnu ọ̀nà. "Àmì burúkú ni. Obì yìí ò ní wọ ibi ìdána ọmọ mi láéláé. Ọ̀dọ̀ ẹlòmíràn ni n ó ti rà á."

Ojú ìyá mi rẹ̀wẹ̀sì. Ó rọra gbé agẹmọ náà. Ara rẹ̀ tó rí bí ewé tútù tẹ́lẹ̀ wá di dúdú lójú wa.

"Màmá, ẹ wò ó, ẹ̀rù ló ń bà á."

"Ẹ̀rù ń ba èmi náà!"

Ìyá mi gbé e lé ẹ̀ka lẹ́yìn ilé. Agẹmọ náà gbé ẹsẹ̀ kan, ó ń mì síwá sẹ́yìn. Atẹ́gùn kankan ò fẹ́. Màmá náà sún mọ́ ọn díẹ̀.

"Kí ló ń ṣe?"

"Ó ní ewé lòun."

Màmá bú sẹ́rìn-ín. "Ijó yẹn ti pọ̀ jù fún ewé!"

"Nílé wa, a máa ń ní agẹmọ ti bímọ rẹ̀ ná, àìmọ̀ọ́jó kù sọ́wọ́ ọmọ agẹmọ. Ẹ ti bí tiyín, ẹ ti tọ́ ọ. Obì kọ́ ni yóò bá a gbélé ọkọ."

Ìyá mi mú obì kan nínú apẹ̀rẹ̀ náà, ó là á, ó jẹ awẹ́ kan, ó na èkejì sí màmá náà. Màmá wo ẹ̀ka. Kò rí nǹkan kan mọ́.

"Ó ti lọ?"

"Ibẹ̀ náà ló wà."

Màmá gba awẹ́ obì, ó jẹ ẹ́. Nígbà tí ọmọ náà bímọ, ọ̀dọ̀ wa náà ni obì ìkómọ ti wá.

Wọ́n ti kọ́lé sí ẹ̀yìn ilé yẹn báyìí. Mo bi ìyá mi bóyá ó rántí agẹmọ náà.

"Ṣé mo lè gbàgbé ni? Láti ọjọ́ yẹn, kò sí ewé tí n kì í gbọn."