Igi Òdòdó Funfun tí Iye Fi Sílẹ̀

Nígbà tí orí mi kò tíì ga tó fèrèsé ilé wa ní Ìlútítun, kò sẹ́ni tó ń ra igi ọ̀ṣọ́. Ẹ̀yin tí ẹ ń ra tiyín nínú ọ̀rá dúdú lẹ́bàá títì, ẹ má fi mí rẹ́rìn-ín. Bí òdòdó ilé ẹnìkan bá wù ọ́ nígbà náà, ńṣe ni wàá lọ kí i, wàá tọrọ ẹ̀ka kan, wàá sì mú un délé. Ọ̀dọ̀ ìyá mi, Iye bí àwa Ìkálẹ̀ ṣe máa ń pè é, ni ọ̀pọ̀ ènìyàn ti ń tọrọ. Láti Erinje títí dé Ìjù-Odò, ọ̀pọ̀ ilé ni ẹ̀ka igi rẹ̀ wọ̀.

Igi kan wà tí ó fẹ́ràn jù. Òdòdó rẹ̀ funfun, inú rẹ̀ dàbí pupa ẹyin, bí oòrùn bá sì ti ń rọlẹ̀, òórùn dídùn rẹ̀ á gba gbogbo agboolé. Bí ẹ bá gé ẹ̀ka rẹ̀, oje funfun bíi wàrà ni yóò máa kán. Aláìmọ̀kan á rì í mọ́lẹ̀ lẹ́sẹ̀kẹsẹ̀, á bomi rin ín, á rò pé òun ṣe dáadáa, ẹ̀ka náà kò sì ní pẹ́ jẹrà. Iye kì í ṣe bẹ́ẹ̀. Orí àjà ilé ìdáná, níbi tí a ti ń yan ẹja, ni yóò gbé e sí títí ojú egbò náà yóò fi gbẹ. Ìgbà yẹn ni yóò tó wá agolo, yóò fi ìṣó dá ìdí rẹ̀ lu, yóò po iyanrìn mọ́ èèpo èkùrọ́, yóò sì gbìn ín. Ó máa ń sọ pé, "Ohun tí a ṣẹ̀ṣẹ̀ gé kò fẹ́ omi, ìsinmi ló fẹ́."

Àbúrò tí wọ́n bí tẹ̀lé mi ṣẹ̀ṣẹ̀ ń tẹsẹ̀ rìn nígbà tí ibà mú un lọ. Ẹ̀yin ọmọ ìsinsìnyí lè má mọ̀ ọ́n, ṣùgbọ́n láyé ìgbà náà, a kì í jẹ́ kí òbí mọ ibi tí wọ́n sin ọmọ rẹ̀ sí. Òkú ọ̀fọ̀ ni. Wọ́n ní bí ìyá bá mọ ibẹ̀, kò ní kúrò níbẹ̀, ọkàn rẹ̀ kò sì ní balẹ̀ láti bí ọmọ mìíràn. Onígbàgbọ́ ni wá, síbẹ̀ àṣà ni wọ́n tẹ̀ lé lọ́jọ́ náà. Wọ́n ti Iye mọ́ yàrá, ẹ̀gbọ́n bàbá mi sì lọ sin ọmọ náà. Kò sọ ibi tó sin ín sí fún ẹnikẹ́ni.

Láti ìgbà náà ni Iye ti ń rìn káàkiri agboolé, tí ó ń wo ilẹ̀ bí ẹni tí abẹ́rẹ́ rẹ̀ jábọ́. Kì í sunkún lójú wa. Ó kàn ń wo ilẹ̀ ni, ẹ̀rù sì máa ń bà mí.

Nígbà tó yá, ẹ̀gbọ́n bàbá mi wá síbi tí Iye to agolo rẹ̀ sí. Òun kan náà ló máa ń fi Iye ṣẹ̀fẹ̀ pé ohun tí a kì í jẹ, kí la fẹ́ gbìn ín fún. Ó ní, "Ìyàwó, fún mi ní ọ̀kan nínú òdòdó rẹ. Ẹ̀gbẹ́ ilé yìí ṣófo jù." Iye wò ó títí, ó sì gbé èyí tó dára jù fún un. Bàbá náà gbìn ín sí ẹ̀gbẹ́ ilé, níhà ọ̀nà. Kò wo ojú Iye, Iye náà kò sì bi í léèrè. Láti ọjọ́ náà ni Iye kò ti wo ilẹ̀ kiri mọ́. Abẹ́ igi náà ló ti ń bó ẹ̀gẹ́ rẹ̀ títí ó fi darúgbó. Nígbà tí ó kù díẹ̀ kó kú ni ó sọ fún mi pé, "Àbúrò rẹ ló wà lábẹ́ igi yẹn. Má jẹ́ kí wọ́n gé e."

Ní ọdún tó kọjá, wọ́n fi ọ̀dà pupa sàmì sára ògiri wa, wọ́n ní títì fẹ́ gba ibẹ̀. Mo bẹ olórí àwọn òṣìṣẹ́ náà. Ó dọ̀bálẹ̀ kí mi dáadáa, ó ní, "Bàbá, ẹ má bínú, igi lásán ni." Kí ni mo fẹ́ fi hàn án? Kò sí òkúta níbẹ̀, kò sí orúkọ. Mo bá gé ẹ̀ka bíi mélòó kan, mo tò wọ́n sí ọ̀dẹ̀dẹ̀ kí egbò wọn gbẹ, kí n lè gbìn wọ́n sí ẹ̀yìnkùlé. Àfi bí orúnkún mi ṣe wú, tí ọmọ mi obìnrin gbé mi lọ sí ilé ìwòsàn ní Òkìtìpupa.

Ìyàwó mi, tí í ṣe aládùúrà, rí i bí mo ṣe ń ṣìkẹ́ àwọn ẹ̀ka náà. Ó gbìn wọ́n sínú garawa, ní gbogbo ìdájí ni ó sì ń ka sáàmù, tí ó ń da omi àdúrà sí wọn. Nígbà tí mo dé, katapílà ti kọjá lẹ́gbẹ̀ẹ́ ilé wa, igi náà ti lọ. Mo fọwọ́ kan àwọn ẹ̀ka inú garawa, wọ́n rọ̀ bí ọ̀gẹ̀dẹ̀ tó ti pọ́n jù. Ó ní, "Bàbá, mo rò pé òùngbẹ ló ń gbẹ wọ́n. Mo gbàdúrà sí i gan-an ni." Mo ní ó ṣeun. Ìfẹ́ ló fi ṣe é, ó sì dùn mí dé egungun.

Ayé ti yí padà. Lónìí, bí ọmọdé bá kú, wọ́n á fi táìsì bo ojú oórì rẹ̀, wọ́n á lẹ àwòrán rẹ̀ mọ́ ọn, ìyá rẹ̀ á sì sunkún lójú gbogbo ayé. Àwọn ẹgbẹ́ mi ń bínú sí i. Èmi kò bínú. Ó wù mí kí Iye bá a láyé.

Ọmọ mi obìnrin ti lọ tọrọ ẹ̀ka kan ní Erinje, lára èyí tí Iye fún wọn nígbà kan. Mo jẹ́ kí egbò rẹ̀ gbẹ, mo gbìn ín sí agolo, ó sì ti rúwé. Gbòǹgbò rẹ̀ ti ń yọ jáde níbi tí mo fi ìṣó dá lu ní ìdí agolo náà. Lójoojúmọ́ ni ìyàwó mi ń bi mí pé níbo la ó lọ́ ọ sí. Mo máa ń wo ojú títì, níbi tí mọ́tò ti ń gba orí àbúrò mi kọjá.