Ohùn Ẹni Tó Ṣí Ilẹ̀kùn

Láàárọ̀ tí mo kọ́kọ́ dé ilé bàbá arúgbó kan ní Altona, ní Hamburg, mo kúnlẹ̀ kí i bí mo ṣe máa ń kí bàbá mi nílé. Ó rò pé mo ṣubú ni. Ó nawọ́ láti fà mí dìde, díẹ̀ ló kù kí àwa méjèèjì jọ balẹ̀. Nígbà tí mo ṣàlàyé pé bí a ṣe ń kí àgbà nìyẹn, ó rẹ́rìn-ín, ó ní kí n tún un ṣe. Mo tún un ṣe. Ó ní mo yára jù, pé ẹni tó bá fẹ́ kí kámẹ́rà rí òun kì í sáré kúnlẹ̀. Mo ní, "Bàbá, èmi ò wá ṣeré o, iṣẹ́ ni mo wá ṣe."

Pflegedienst, ilé-iṣẹ́ tó ń tọ́jú àwọn arúgbó nínú ilé wọn, tí mo ń bá ṣiṣẹ́ ló rán mi sí i, kí n máa wẹ̀ ẹ́, kí n máa fún un lóògùn láràárọ̀. Orúkọ rẹ̀ wà nínú ìwé iṣẹ́, àmọ́ ẹnu mi ò gbà á láti pe ẹni tó ti lé ní àádọ́rùn-ún ọdún lórúkọ. Bàbá ni mo ń pè é, ó sì ń dá mi lóhùn. Mẹ́síkò ni wọ́n bí i sí. Nígbà èwe rẹ̀ ó ń ṣeré nínú fíìmù ilẹ̀ wọn, fíìmù aláwọ̀ dúdú àti funfun ayé ijọ́un, kó tó fẹ́ ọmọ Jámánì kan, tó sì bá a wọkọ̀ òkun wá sí Hamburg. Kì í ṣe ọ̀gá eré o. Òun ló ń gbé àwo oúnjẹ wọlé, òun ló ń di ẹṣin mú. Nígbà kan, òkú ni. Ó ní òun ṣe òkú yẹn débi pé eṣinṣin bà lé òun nímú, òun ò mira.

Ẹ̀ẹ̀kan ṣoṣo ni wọ́n fún un lọ́rọ̀ sọ. Ó ṣílẹ̀kùn fún baálé ilé, ó sọ gbólóhùn kan péré. Kò rántí gbólóhùn náà mọ́. Kò sì wo fíìmù náà rí, torí ó ti wà lórí òkun kí wọ́n tó parí rẹ̀. Wàyí o, ojú rẹ̀ ń lọ. Dókítà ní bóyá ni yóò fi máa rí nǹkan kan kí ìgbà òtútù tó tún dé. Bàbá sọ fún mi pé, "Kí n sáà rí ara mi níbi tí mo ti ń sọ̀rọ̀, ó tán."

Ọ̀rọ̀ yẹn ò jẹ́ kí n gbádùn. Bí mo bá wà nínú U-Bahn, ọkọ̀ ojú irin abẹ́ ilẹ̀, tí mo ń padà sílé ní Billstedt, tí ilẹ̀kùn ọkọ̀ ń ṣí, á máa ṣe mí bíi pé òun ló ń ṣí i, ọ̀dọ́mọkùnrin tó wọ aṣọ funfun, tí ẹnu rẹ̀ ń mì, tí mi ò gbọ́ nǹkan kan.

Mo wá fíìmù náà lórí fóònù títí tí mo fi rí ọkùnrin kan ní Marzahn, ní Berlin, tó ń kó fíìmù àtijọ́ jọ. Ọjọ́ ìsinmi mi ni mo fi lọ. Ọkọ mi ní, "Ṣé o ti ní ọkọ mìíràn ní Altona ni?" Mo ní, "Bẹ́ẹ̀ ni, ó sì dára jù ọ́ lọ." Kùrukùru bo ọ̀nà láti Hamburg dé Berlin. Igi, oko, ilé, gbogbo rẹ̀ di dúdú àti funfun lójú fèrèsé, mi ò mọ̀ bóyá mo sùn tàbí mo lajú. Ní àjà kẹwàá ilé gíga kan, ọkùnrin náà fi DVD lé mi lọ́wọ́. Mo fi í sáàárín Bíbélì mi kó má baà kán.

Láàárọ̀ ọjọ́ kejì, mo fá irùngbọ̀n bàbá, mo wọ ṣẹ́ẹ̀tì funfun fún un. A sún mọ́ tẹlifíṣọ̀n débi pé imú wa fẹ́rẹ̀ẹ́ kàn án. A wò ó títí, ilẹ̀kùn kan ṣí. Mo mọ̀ ọ́n lójú ẹsẹ̀, etí ńlá rẹ̀ yẹn náà ni. Mo ní, "Bàbá, ẹ̀yin rèé." Ọ̀dọ́mọkùnrin náà sọ̀rọ̀. Ojú bàbá yí padà.

"Kì í ṣe ohùn mi nìyẹn."

Ó ṣàlàyé pé atẹ́gùn pọ̀ níbi tí wọ́n ti ya á lọ́jọ́ náà, kò jẹ́ kí ohùn mọ́. Bó bá rí bẹ́ẹ̀, wọ́n á pe òṣèré padà sínú yàrá kan lẹ́yìn ọ̀sẹ̀ mélòó kan, á máa wo ara rẹ̀, á sì sọ ọ̀rọ̀ náà bá ẹnu tó ń mì. Òun ti lọ. Wọ́n fi ohùn ẹlòmíì dípò. Ó mọ̀ pé wọ́n máa ń ṣe bẹ́ẹ̀, kò kàn rò ó rí.

"Ojú mi ò rí i tán," ó ní, "èyí tí etí mi gbọ́, kì í ṣe èmi. Kí wá ni mo wò?"

Ó dùn mí wọra. Inú sì bí mi sí olóhùn yẹn, ẹni tí mi ò mọ̀ rí. Mo bi bàbá pé kí ni onítọ̀hún sọ. Ó ní, "Ọ̀gá, ẹ wọlé, wọ́n ti ń retí yín." Mo dá fíìmù padà sẹ́yìn, mo pa ohùn rẹ̀. Mo ní, "Ó yá, ẹ sọ ọ́ fúnra yín. Bí mo bá ti tẹ̀ yín lọ́wọ́, ẹ bẹ̀rẹ̀."

Ìgbà àkọ́kọ́, ó pẹ́ jù. Ìgbà kejì, ikọ́ gbé e. Ìgbà kẹta, bí ẹnu ọ̀dọ́mọkùnrin náà ṣe ń là, mo tẹ ọwọ́ bàbá. Ohùn arúgbó jáde, ó bá ẹnu yẹn mu láti ìbẹ̀rẹ̀ dópin. Baálé ilé ṣí fìlà, ó kọjá lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀.

"Ṣé ó wọlé?" bàbá bi mí.

"Ó wọlé, Bàbá. Ó gbọ́ yín."