Àwo Àlejò Nílé Bogumiła

Bí Bogumiła, aládùúgbò mi ní ìlú Biecz nílẹ̀ Poland níbí, bá ti búra, ọ̀rọ̀ parí nìyẹn. Ó búra pé òun kò ní dé ọ̀dọ̀ oníṣègùn eyín mọ́. Eyín mẹ́ta ló ṣẹ́kù sí i lẹ́nu. Ó búra pé òun kò ní kí àlùfáà wa mọ́ láéláé, torí pé ọkùnrin náà sùn níbi ìsìnkú ọkọ òun. Síbẹ̀, kì í pa ìsìn jẹ, kó lè máa rí àlùfáà, kó má sì kí i.

Nígbà tí Jagoda, ọmọ rẹ̀ kan ṣoṣo, fẹ́ Weilin, ọmọ Ṣáínà tó ń dáná nílé oúnjẹ kan ní Kraków, ó tún búra. Ó ní, "Èmi Bogumiła, mi ò ní jẹ oúnjẹ ọwọ́ ọkùnrin yẹn láyé mi." Kí ni ọmọ ọlọ́mọ ṣe? Ó mọ oúnjẹ sè ju ìyá ìyàwó rẹ̀ lọ, ẹ̀ṣẹ̀ rẹ̀ kò ju ìyẹn lọ.

Lọ́dún tí mò ń wí yìí, Jagoda ti lóyún. Nígbà tó ku ọjọ́ kan kí Kérésìmesì pé, Weilin pè mí sẹ́yìn ilé Bogumiła.

"Bàbá Zenon, bí Màmá ò bá jẹ oúnjẹ mi lónìí, a ò ní wá síbí mọ́. Mi ò fẹ́ kọ́mọ mi máa wo bí wọ́n ṣe ń yínmú sóúnjẹ bàbá ẹ̀."

Ọ̀rọ̀ náà kan èmi náà. Láti ìgbà tí ìyàwó mi ti kú, ilé yẹn ni mo ti ń jẹ oúnjẹ aṣálẹ́ ọjọ́ náà.

Bogumiła ti yọ̀ ṣubú lórí yìnyín, ọrùn ọwọ́ rẹ̀ sì ti ṣẹ́, ni pierogi, oúnjẹ oníyẹ̀fùn tí a máa ń di nǹkan sí nínú, bá di iṣẹ́ Weilin. Ó po ìyẹ̀fùn, ó tẹ́ ẹ fẹ́lẹ́. Ó di kábéèjì kíkan àti olú gbígbẹ sínú rẹ̀ bíi tiwa, ó wá fi atalẹ̀ àti omi ẹ̀wà sóyà dúdú kún un bíi tàwọn ará Ṣáínà. Kò fi ẹran sí i, torí a kì í jẹ ẹran ní aṣálẹ́ yẹn. Àwa a máa ń bọ̀ ọ́ ni. Òun dín ìdí rẹ̀ títí ó fi pọ́n, ó bu omi sí i, ó dé e. Itọ́ ń dà lẹ́nu mi bíi ti ajá.

Bó ṣe gbé e sẹ́gbẹ̀ẹ́ ọbẹ̀ pupa tí a fi bíìtì sè, Bogumiła fi imú fà á.

"Ẹran lèyí!"

"Olú ni, Màmá."

"Olú wo ló ń ta sánsán bí ẹlẹ́dẹ̀?"

"Èyí tẹ́ ẹ fọwọ́ ara yín ṣà nínú igbó."

Mo bú sẹ́rìn-ín. Ni Bogumiła bá wọ kóòtù, ó jáde sínú yìnyín. Jagoda bẹ̀rẹ̀ sí í sunkún. Weilin dìde, ó lọ gbé báàgì wọn.

A gbọ́ kò, kò, kò lára ilẹ̀kùn.

"Ta nìyẹn?" ni mo bèèrè.

"Àlejò ni."

Ta ni kò mọ ohùn yẹn? Ṣùgbọ́n ní aṣálẹ́ yẹn, gbogbo ilé nílùú wa ló máa ń fi àwo kan sílẹ̀ fún àlejò tó bá ṣèèṣì yà. Ẹnikẹ́ni tó bá kanlẹ̀kùn, a kò gbọdọ̀ lé e.

Weilin gbé báàgì sílẹ̀, ó ṣílẹ̀kùn. Bogumiła ti fi ìborùn wé orí àti ẹnu, ó ku ojú nìkan. Kò wo àga tirẹ̀ rárá, ìdí àwo àlejò ló jókòó sí.

"Ẹ káàbọ̀ o," Weilin ní. "Ibo lẹ ti ń bọ̀?"

"Ọ̀nà jíjìn." Ìyẹ́ adìẹ ẹ̀yìnkùlé rẹ̀ wà lórí ìborùn rẹ̀.

Ó fi eyín mẹ́ta jẹ ọ̀kan. Ó jẹ òmíràn. Ó tún nawọ́.

"Ẹ ò ní dúró de ìyá onílé ni?" Ẹnu mi kì í gbélé.

"Ẹ jẹ́ kó wà níta. Mo gbọ́ pé alágídí ni."

Weilin ń rẹ́rìn-ín, omi sì ń bọ́ lójú rẹ̀. Jagoda ló gbé báàgì padà sí yàrá.

Ọmọ wọn ti ń sọ̀rọ̀ báyìí. Bí bàbá rẹ̀ bá ti ń dáná nílé yẹn, òun ló ń sáré lọ fa ìyá àgbà láṣọ:

"Ìyá àgbà, ẹ tètè bọ́ síta, oúnjẹ ti jinná!"