Tákàbá Tí Mo Kọ̀

Láàárọ̀ ọjọ́ tí ogun wọ Monrofíà ní Làìbéríà, àkàrà ni mo ń dín lọ́wọ́. Bàbá Bílíkísù, ọkọ mi, ti ṣí ìsọ̀ wa níwájú ilé. Ìbọn kọ́kọ́ ń dún lókèèrè. Nígbà tó fi máa di ọ̀sán, ògiri wa ń gbọ̀n. Ẹ̀yin ọmọ tí bángà ọdún ń dẹ́rù bà, ẹ ò tíì gbọ́ nǹkan kan.

Ebi dé. Ewé ẹ̀gẹ́ la ń sè jẹ láìsí iyọ̀. Àwọn ọlọ̀tẹ̀ gba títì, wọ́n ń wá ọmọ Nàìjíríà pa nítorí àwọn sójà wa tó ń bá wọn jà, ilà sì wà lójú ọkọ mi gbàgàdà. Nígbà tí ọkọ̀ ojú omi tó ń kó wa lọ sílé dé, ọkọ mi ní kí n pọn ọmọ, kí n máa lọ.

Mo ní, "Ẹ̀yin ńkọ́?"

Wọ́n ní, "Ojú mi yìí ò ní jẹ́ kí ẹ kọjá. Máa lọ."

Mo dé Ìwó, n ò gbúròó wọn mọ́. Ọdún ń gorí ọdún. Bàbá Kékeré, àbúrò ọkọ mi, ní kí n jókòó tákàbá bí opó, kí n lè fẹ́ ẹlòmíràn. Mo ní ta ló rí òkú? Inú bí wọn, inú bí èmi náà. Mo gba oko Kuta lọ, gààrí ni mo fi tọ́ ọmọ. Àmọ́ ohun kan ń jẹ mí lọ́kàn: bí wọ́n bá kú, ta ló sin wọ́n? Àbí ajá ló jẹ wọ́n?

Lọ́dún yìí ni Bílíkísù gbé fíìmù kan wá lórí fóònù, nípa bí Monrofíà ṣe ń padà bọ̀ sípò. Àwọn obìnrin ń yan ẹja, ọmọ iléèwé ń sá fún ọ̀kadà. Mo rí kànga àdúgbò wa. Birikilà àgbàlagbà kan dúró tì í, ó ní nígbà táwọn ń gbẹ́ ìpìlẹ̀ ilé níbẹ̀, àwọn bá egungun ọkùnrin kan. Àwọn ará mọ́sálásí fi aṣọ funfun wé e, wọ́n kírun sí i lára, wọ́n sin ín. Kò sẹ́ni tó mọ orúkọ rẹ̀.

Fíìmù parí. Mo ní kí Bílíkísù lọ pe Bàbá Kékeré àti àáfáà wá, mo fẹ́ jókòó tákàbá.

Bàbá Kékeré dé. Wọ́n ní, "Ìyàwó, bí kì í bá ṣe ẹ̀gbọ́n mi ńkọ́?"

Mo ń bọ́ yẹtí mi lọ́wọ́. Mo ní, "A jẹ́ pé ọkọ ẹlòmíràn ni, tí ìyàwó rẹ̀ ò rí fíìmù. Mo máa bá a jókòó."